Wọ́n Ní Nítorí Pé Ọ̀rá Rẹ̀ Ti Ya

Ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ Àìkú kan nínú oṣù kìíní ọdún ni àbúrò mi obìnrin pè mí láti Thamesmead, ní gúúsù ìlà-oòrùn London. Bó ṣe ní "Ẹ̀gbọ́n, ẹ kú ìrọ̀lẹ́ o" báyìí ni mo ti mọ̀ pé ọ̀rọ̀ wà nílẹ̀. Mò ń gbọ́ ẹkún ọmọ rẹ̀ ọkùnrin lẹ́yìn rẹ̀. Géèmù bọ́ọ̀lù ni wọ́n rà fún un lórí íntánẹ́ẹ̀tì, pọ́n-ùn 60 ó dín péńì kan. Ọmọ ya ọ̀rá, ó ki àwo bọ ẹnu ẹ̀rọ, ẹ̀rọ bẹ̀rẹ̀ sí í kó géèmù náà sínú ara rẹ̀, ó dé ìdá 63 nínú 100, ó dúró. Wọ́n yọ àwo, wọ́n fi aṣọ múlọ́múlọ́ nù ún, wọ́n tún dá a padà sẹ́nu ẹ̀rọ. Ìdá 63 yẹn náà ló tún ti dúró. Wọ́n fi àwo géèmù mìíràn sínú ẹ̀rọ kan náà, ìyẹn ṣiṣẹ́ láìsí wàhálà.

Àbúrò mi kọ̀wé sí ilé ìtajà náà. Èsì tí wọ́n fún un kò ju ìlà méjì lọ: àwọn kì í gba géèmù tí wọ́n bá ti ṣí padà.

"Ẹ̀gbọ́n," ó ní, "báwo ni mo ṣe fẹ́ mọ̀ pé àwo ò dáa tí mi ò bá ya ọ̀rá rẹ̀?"

Ìbéèrè yẹn kò kúrò lọ́kàn mi láti ọjọ́ náà, òun ló sì jẹ́ kí n kọ èyí. Ó yẹ kí ẹ mọ̀ pé iṣẹ́ ẹrù tí àwọn oníbàárà dá padà gan-an ni mò ń ṣe jẹun. Ilé ìkẹ́rùsí kan nítòsí Dartford ni mo wà, kì í sì í ṣe ti ilé ìtajà tí àbúrò mi ti rajà. Bàtà tó fúnni lẹ́sẹ̀, aṣọ tí àwọ̀ rẹ̀ kò jọ ti inú àwòrán, ìkòkò tí etí rẹ̀ ti dá, tábìlì mi ni gbogbo wọn ń bọ̀. Èmi ni mò ń ṣí páálí, tí mò ń yẹ ohun inú rẹ̀ wò, tí mò ń kọ ipò tí mo bá a sínú kọ̀ǹpútà. Láti ọjọ́ kejì Kérésìmesì títí oṣù kìíní fi ń parí, géèmù ló ń pọ̀ jù níwájú mi.

Mo ti mọ ojú wọn. Tí mo bá gbé àwo dẹ̀gbẹ́ sábẹ́ iná, ìbẹ́ tí ẹ̀rọ fi sára rẹ̀ máa ń yí po bí ojú ọ̀nà, èyí tí ọmọdé fi ìṣó tàbí kọ́kọ́rọ́ ṣe máa ń lọ gbọọrọ. Mo ti ṣí páálí géèmù tuntun tó jẹ́ pé àwo géèmù àtijọ́, tí ẹnikẹ́ni kì í ṣe mọ́, ni wọ́n fi sínú rẹ̀. Mo ti rí èyí tí wọ́n fi ọ̀rá ìdáná wé, tí wọ́n fi ẹ̀rọ ìgbẹrun fẹ́ títí ó fi fún mọ́ra. Ó fẹ́rẹ̀ẹ́ tàn mí jẹ. Ṣùgbọ́n ọ̀rá ilé iṣẹ́ máa ń ká lé ara rẹ̀ lókè àti nísàlẹ̀ bí ewé tí ọlọ́wọ́ ẹ̀rọ̀ fi pọ́n ẹ̀kọ, ti ẹ̀rọ ìgbẹrun máa ń wú jọ sí igun kan ni. Nítorí náà, mi ò ní sọ pé ìkà ni àwọn òǹtajà. Wọ́n ti rí ohun tí ojú wọn rí.

Síbẹ̀, ọ̀rọ̀ àbúrò mi kò sí lára àwọn wọ̀nyẹn. Mo bi í pé kí ló kọ sí wọn gan-an. Ó kà á fún mi lórí fóònù. Èdè Gẹ̀ẹ́sì ló fi kọ ọ́, ṣùgbọ́n ohun tó wà níbẹ̀ ni pé ẹ jọ̀ọ́, ẹ má bínú, géèmù tí a rà lọ́wọ́ yín kò bá wa lára mu, a máa fẹ́ dá a padà bí kò bá ní ni yín lára.

"Kí ló dé tí o ò sọ fún wọn pé àwo ò ṣiṣẹ́?"

"Mi ò fẹ́ kó dà bíi pé mò ń bú ọjà wọn, Ẹ̀gbọ́n."

Bí wọ́n ṣe tọ́ wa nìyẹn. A máa ń fi ọ̀wọ̀ bo ẹ̀sùn mọ́lẹ̀. Tí ọbẹ̀ tí wọ́n gbé fún wa lálejò bá níyọ̀ jù, a ó ní a ti yó. Nílé, ẹni tó gbé oúnjẹ wá yóò gbọ́ ohun tí a kò sọ. Ẹni tó ń dáhùn lẹ́tà ní ilé ìtajà orí íntánẹ́ẹ̀tì kò mọ̀ wá rí. Ohun tí a kọ nìkan ló wà níwájú rẹ̀, àbúrò mi sì ti fi ọwọ́ ara rẹ̀ kọ ọ́ pé géèmù náà kò wù ú. Ẹnu ọ̀nà tí kì í ṣe tirẹ̀ ló lọ kàn, wọ́n sì tì í mọ́ ọn lójú.

Ọ̀nà méjì ló wà nínú òfin ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, mo sì fẹ́ kí gbogbo ẹni tó ń ka èyí mọ̀ wọ́n lọ́tọ̀ọ̀tọ̀.

Ti àkọ́kọ́ ni ti ẹni tí ọkàn rẹ̀ yí padà. Òfin ọdún 2013 kan, tó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní June 13, 2014, ló dá a sílẹ̀ fún ẹni tó bá ra ọjà láìfojú kàn án, yálà lórí íntánẹ́ẹ̀tì tàbí lórí fóònù. Láti ọjọ́ kejì tí ọjà bá tẹ̀ ọ́ lọ́wọ́, ọjọ́ 14 wà fún ọ láti sọ pé o kò ṣe mọ́, o kò sì ní ìdí kankan láti rò fún ẹnikẹ́ni. Tí o bá ti sọ bẹ́ẹ̀, ọjọ́ 14 mìíràn tún wà fún ọ láti fi ọjà náà ránṣẹ́. Òǹtajà gbọ́dọ̀ dá owó ọjà padà, pẹ̀lú iye tí wọ́n máa ń gbà láti gbé e wá lọ́nà tó dínwó jù. Ọ̀nà tó dára ni. Ṣùgbọ́n òfin yìí kan náà yọ àwọn nǹkan kan sílẹ̀: rẹ́kọ́ọ̀dù orin, fíìmù àti ètò kọ̀ǹpútà tí a fi èdìdì dì, bí wọ́n bá ti tú èdìdì náà lẹ́yìn tó dé ọwọ́ òǹrajà. Abẹ́ ibẹ̀ ni géèmù bọ́ sí. Ọ̀rá tẹ́ẹ́rẹ́ yẹn ni èdìdì. Lọ́jọ́ tí ọmọ bá ti fa okùn rẹ̀ ya, ọ̀nà àkọ́kọ́ ti tì.

Ọ̀nà kejì ni ti ọjà tí kò dáa. Òfin tí wọ́n ń pè ní Consumer Rights Act 2015 ló ni ín, October 1 ọdún náà ló sì bẹ̀rẹ̀. Ó ní ọjà tí ènìyàn bá fowó rà gbọ́dọ̀ jẹ́ ojúlówó, kó lè ṣe iṣẹ́ tí a rà á fún, kó sì bá bí wọ́n ṣe júwe rẹ̀ mu. Ó tilẹ̀ ronú kan irú ọ̀rọ̀ tiwa yìí: bí ohun tí wọ́n kọ sínú àwo kò bá dáa, àwo náà fúnra rẹ̀ kò dáa nìyẹn. Láàárín ọjọ́ 30, o lè kọ ọjà náà kí o sì gba gbogbo owó rẹ. Bí ọjọ́ 30 bá ti kọjá, òǹtajà láǹfààní ẹ̀ẹ̀kan láti tún un ṣe tàbí láti pààrọ̀ rẹ̀. Tí ìyẹn bá kùnà, o tún lè béèrè owó. Ní ti àtúnṣe, pààrọ̀ àti owó tó tẹ̀ lé wọn yìí, láàárín oṣù 6 àkọ́kọ́, òfin gbà pé ara ọjà ni àbùkù náà ti wà láti ìgbà tó ti dé, àfi tí òǹtajà bá fi ẹ̀rí hàn pé kò rí bẹ́ẹ̀. Ẹ wá ọ̀rọ̀ ọ̀rá nínú gbogbo èyí, ẹ kò ní rí i. Òǹtajà kò sì lè fi òfin ilé ìtajà tirẹ̀ gba ẹ̀tọ́ yìí lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni, bó ti wù kó fi lẹ́tà gàdàgbà kọ ọ́ tó.

Nígbà tí mo ṣàlàyé èyí tán, àbúrò mi dákẹ́ díẹ̀. Ó ní, "Ó túmọ̀ sí pé mo lè yà á."

Bẹ́ẹ̀ ni. Ní ọjà wa nílé, ẹni tó fẹ́ ra gàrí yóò bu díẹ̀ sẹ́nu kó tó ná an. Mọ̀lẹ́bí mi kan ní Ìkẹjà kì í sanwó àwo géèmù ní Computer Village láìjẹ́ pé ẹni tó ń tà á fi sínú ẹ̀rọ, kó tàn, kí àwọn méjèèjì rí i. Ìtọ́wò yẹn ni íntánẹ́ẹ̀tì mú kúrò láàárín òǹtajà àti òǹrajà. Ohun tí mo gbà gbọ́, lẹ́yìn gbogbo páálí tí mo ti ṣí, ni pé kò sí ohun mìíràn tí àwọn òfin wọ̀nyí ń ṣe ju pé wọ́n ń dá ìtọ́wò náà padà fúnni. Ọ̀rá géèmù nìkan ló dà bí ẹni pé ó ń di ẹnu ẹni tó fẹ́ tọ́ ọ wò.

Ẹ wo ti mátírẹ́ẹ̀sì. Ọkùnrin ará Jámánì kan rà á lórí íntánẹ́ẹ̀tì, ó tú ọ̀rá ara rẹ̀, ó sì fẹ́ dá a padà. Òǹtajà ní ó ti bọ́, nítorí òfin Yúróòpù tún yọ ọjà tí èdìdì rẹ̀ wà fún ìmọ́tótó sílẹ̀. Ẹjọ́ náà dé ilé ẹjọ́ gíga Àjọṣepọ̀ Yúróòpù, ní March 27, 2019 wọ́n sì dá a pé ó lè dá a padà, wọ́n fi wé aṣọ tí ènìyàn wọ̀ wò: a lè fọ̀ ọ́, kí a sì tún un tà. Mátírẹ́ẹ̀sì tí a ti tú lára ọ̀rá ṣeé dá padà, àwo tó tẹ́ẹ́rẹ́ bí ewé kò ṣeé dá padà. Èyí ló máa ń yà mí lẹ́nu.

Kí ló dé tí wọ́n fi yọ géèmù sílẹ̀? Ẹ̀dà àwòkọ ni. Ẹ̀rù tí wọ́n ń bà ni pé ènìyàn á ra àwo lónìí, á ṣe ẹ̀dà rẹ̀ lálẹ́, á sì dá ojúlówó padà lọ́la. Òfin Yúróòpù ti ọdún 1997 ti ní in nínú, ti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ní ọdún 2000 gbé e, ti ọdún 2013 náà tún gbé e. Mi ò lè pe ẹ̀rù yẹn ní irọ́. Ní Agége tí mo dàgbà sí, kò sí ọmọ tó mọ ojúlówó àwo PlayStation 2. Àwọn àwo tí a mọ̀ wà nínú ọ̀rá pẹlẹbẹ, wọ́n fi gègé aláwọ̀ dúdú kọ orúkọ géèmù sí wọn lára, ẹ̀rọ tí a sì ń san owó ìdíje kọ̀ọ̀kan láti lò ti ní ohun tí wọ́n jó mọ́ inú rẹ̀ kó lè gba ẹ̀dà. Láyé ìgbà yẹn, ọ̀rá tó ti ya lè túmọ̀ sí pé wọ́n ti jí nǹkan gbé.

Ṣùgbọ́n ayé ti yí. Àwo tí àbúrò mi rà, bí wọ́n tilẹ̀ ti kó gbogbo ohun inú rẹ̀ sínú ẹ̀rọ, ẹ̀rọ kò ní ṣí géèmù náà bí àwo fúnra rẹ̀ kò bá sí lẹ́nu rẹ̀. Bí o bá dá àwo padà, o ti dá géèmù padà. Èyí tí a ṣì lè fi ojú ẹ̀dà wò ni géèmù tó jẹ́ pé ìwé kékeré tí wọ́n kọ kóòdù sí ló wà nínú páálí rẹ̀. Tí ẹnì kan bá ti lo kóòdù, ó parí. Ó yẹ kí àwọn aṣòfin ya méjèèjì sọ́tọ̀. Mò ń sọ èyí gẹ́gẹ́ bí ẹni tí ojú rẹ̀ ń kan àwọn àwo náà lójoojúmọ́.

Ẹni tó bá rò pé ọ̀nà kejì kò ṣí fún géèmù, kó rántí Cyberpunk 2077. Ilé iṣẹ́ CD Projekt ní Poland ló ṣe é, December 10, 2020 ni wọ́n gbé e jáde, ọ̀pọ̀ ènìyàn sì ti sanwó rẹ̀ sílẹ̀. Lórí àwọn ẹ̀rọ àtijọ́, PlayStation 4 àti Xbox One, géèmù náà ń kú lójijì, àwòrán rẹ̀ ń ya yẹ́bẹyẹ̀bẹ. Ní ọjọ́ kẹrin lẹ́yìn tó jáde, ilé iṣẹ́ náà tọrọ àforíjì ní gbangba, wọ́n ní kí ẹni tí kò bá fẹ́ mọ́ lọ gba owó rẹ̀, àti ẹni tó gbà á láti orí íntánẹ́ẹ̀tì àti ẹni tó ra àwo. Ẹni tí ibi tó ti rà á kò bá dá lóhùn, kó kọ ímeèlì sí àwọn fúnra wọn títí di December 21. Sony yọ géèmù náà kúrò nínú ilé ìtajà PlayStation kí ọjọ́ mẹ́wàá tó pé, kò sì padà síbẹ̀ títí di June 21, 2021. Kò sí ẹni tó lè mọ̀ pé géèmù ń kú láìya ọ̀rá. Wọn kò bi ẹnikẹ́ni léèrè ọ̀rá.

Ibì kan wà tí òfin kò ti lè ran ènìyàn lọ́wọ́, ibẹ̀ ló sì ń dun mí jù, nítorí àwọn òbí ló ń kó sí i. Ìyá kan á ra àwo PlayStation 5 fún ọmọ tí ẹ̀rọ rẹ̀ jẹ́ Digital Edition, èyí tí kò ní ẹnu tí a ń fi àwo sí rárá. Xbox Series S náà kò ní i. Bàbá mìíràn á ra ti PlayStation 5 fún ọmọ tó ṣì ń lo PlayStation 4. Àwo tí wọ́n rà kò ní àbùkù kankan, nítorí náà ọ̀nà kejì kò sí. Wọ́n sì ti ya ọ̀rá, ọ̀nà àkọ́kọ́ ti lọ. Mo máa ń rí àwọn ìwé pélébé tí wọ́n ń fi sínú páálí náà. "Ẹ jọ̀ọ́, mi ò mọ̀ ni." Kọ̀ǹpútà kò ní ibi tí mo lè kọ ìyẹn sí.

Nítorí náà, ẹ wo orí páálí kí ọmọ tó fọwọ́ kàn án. Ti PlayStation 5 ní ọ̀já funfun lókè tí wọ́n fi lẹ́tà dúdú kọ PS5 sí. Ọ̀já ti PlayStation 4 jẹ́ búlúù. Àwo PlayStation 4 lè ṣiṣẹ́ nínú PlayStation 5 tó lẹ́nu, àwo PlayStation 5 kò lè ṣiṣẹ́ nínú PlayStation 4. Ẹ wo ẹ̀rọ ọmọ náà bóyá ó ní ihò tẹ́ẹ́rẹ́ níwájú. Bí ọ̀rá kò bá tíì ya, ọjọ́ 14 yín ṣì wà níbẹ̀ digbí.

Géèmù àlòkù tí ẹ rà lórí íntánẹ́ẹ̀tì lọ́wọ́ ilé ìtajà, tí kò ní èdìdì kankan lára nígbà tó dé, kò sí lára ohun tí òfin yọ sílẹ̀, torí pé kò sí èdìdì tí ẹ tú. Ti ẹni kan ṣáá tó ń ta ẹrù ilé rẹ̀ yàtọ̀, òun kì í ṣe oníṣòwò, kò sì sí ọjọ́ 14 nínú ọ̀rọ̀ tirẹ̀. Ní ti èyí tí ẹ bá gbà tààrà sínú ẹ̀rọ láìsí àwo, lọ́gán tí ẹ bá ti fọwọ́ sí i pé kó bẹ̀rẹ̀ sí í wọlé, ẹ̀tọ́ láti yí ọkàn padà ti lọ. Bí kò bá dáa, ẹ ṣì lè ní kí wọ́n tún un ṣe, tàbí kí wọ́n dá lára owó rẹ̀ padà, ó sì lè jẹ́ gbogbo rẹ̀. Steam, tó ń ta géèmù kọ̀ǹpútà, ṣe tiwọn dáadáa ju ohun tí òfin béèrè lọ: láti ọdún 2015 ni wọ́n ti ń dá owó padà fún ẹni tó bá béèrè láàárín ọjọ́ 14, tí kò sì tíì ṣe géèmù náà tó wákàtí méjì. Ìtọ́wò nìyẹn. Wọ́n jẹ́ kí o bu gàrí sẹ́nu.

Fún àwọn ará ilé tó ń ra tiwọn ní Nàìjíríà, òfin ọdún 2018 tó dá FCCPC, àjọ tó ń dáàbò bo àwọn òǹrajà, sílẹ̀ náà ní irú ọ̀nà kejì yìí: bí o kò bá láǹfààní láti yẹ ọjà wò kí wọ́n tó gbé e wá, tó sì dé tí kò bá ohun tí wọ́n júwe mu, o lè kọ̀ ọ́ láìpẹ́ sí ìgbà tó dé, kí o sì gba owó rẹ. Ẹ má ṣe jẹ́ kó pẹ́.

Ní alẹ́ ọjọ́ Àìkú yẹn, èmi àti àbúrò mi jọ kọ lẹ́tà mìíràn. Mo ní kó yọ "ẹ má bínú" kúrò. Ọjọ́ tí géèmù dé. Ọjọ́ tí wọ́n ṣí i. Ibi tí ó ń dúró sí, pẹ̀lú fọ́tò ojú tẹlifíṣọ̀n tó ń fi 63 hàn, àti pé àwo mìíràn ń ṣiṣẹ́ nínú ẹ̀rọ náà. Lẹ́yìn náà: àwo yìí ní àbùkù, mo kọ̀ ọ́ lábẹ́ Consumer Rights Act 2015, ọjọ́ 30 kò tíì pé, mo fẹ́ gbogbo owó mi.

"Kò le jù, Ẹ̀gbọ́n?"

"Òótọ́ ni. Òótọ́ kì í ṣe èébú."

Ó fi "Ẹ ṣé" sí ìparí rẹ̀, mo fi í sílẹ̀ fún un. Mo tún sọ fún un pé bí wọ́n bá kọ̀, kó lọ bá báǹkì tó ni káàdì tó fi sanwó, kó ní kí wọ́n bá òun gba owó náà padà. Kò débẹ̀. Ní ọjọ́ Ìṣẹ́gun wọ́n fi ìwé àlẹ̀mọ́ páálí ránṣẹ́ sí i, láìgba owó. Ó tún pè mí. "Ṣé kí n wá ọ̀rá yẹn kiri ni? Mo ti dà á nù." Mo ní kó fi àwo sínú páálí rẹ̀ bó ṣe wà, kó ya fọ́tò rẹ̀ kó tó lẹ̀ ẹ́ pa, kó sì gba rìsíìtì ní ilé ìfìwéránṣẹ́.

Ọjọ́ kẹsàn-án lẹ́yìn náà ni owó wọlé, kò dín péńì kan. Wọ́n ra òmíràn ní ibòmíràn. Nígbà tó dé, àbúrò mi ní kí ọmọ ṣe sùúrù. Ó gbé fóònù sókè, ó bẹ̀rẹ̀ sí í ya fídíò, ó fi orí páálí hàn, ó fi ọ̀rá tí kò tíì ya hàn níwájú àti lẹ́yìn, ó wá ní, "Ó yá, fà á." Fídíò náà wà lórí fóònù mi. Ọ̀rá ya, ọmọ fi ìka méjì gbé àwo ní etí bí mo ṣe kọ́ ọ, ẹ̀rọ gbé e mì. Nígbà tó dé 63, ẹnikẹ́ni kò sọ̀rọ̀ nínú yàrá náà. Ó di 64.